Ìkìlọ̀: Aṣọ Ẹ̀rọ Ni Wọ́n Ń Tà Fún Yín ní Orúkọ Àdìrẹ

Ẹ̀yin tí ẹ ń ra àdìrẹ lórí WhatsApp àti Instagram, ẹ dúró ná kí ẹ tó sanwó. Aṣọ tí ẹ̀rọ tẹ̀ ni àwọn kan ń tà ní iye owó àdìrẹ ẹlẹ́kọ, èyí tí wọ́n fi ẹ̀kọ ya ọnà sí, tí wọ́n á ní ọjà Ìtòkú l'Ábẹ́òkúta ló ti wá. Aṣọ ẹ̀rọ kò burú bí wọ́n bá pe orúkọ rẹ̀. Irọ́ yìí ló ń gba oúnjẹ lẹ́nu aláró.

Ẹ̀yìn aṣọ ni kí ẹ kọ́kọ́ wò. Ojú kan àdìrẹ ẹlẹ́kọ ni wọ́n máa ń fi ìyẹ́ adìyẹ tàbí páànù gbígé tẹ ẹ̀kọ láfún sí. Tó bá gbẹ, wọ́n á rì í sínú aró, wọ́n á yọ ọ́ kí afẹ́fẹ́ fẹ́ sí i, wọ́n á tún rì í, títí yóò fi dú. Kò sí ẹ̀kọ lẹ́yìn, ibẹ̀ ni aró ti ń ráyè wọlé. Nítorí náà ẹ̀yìn ojúlówó máa ń dú dáadáa, ọnà rẹ̀ á sì ṣe bàìbàì. Ẹ̀yìn aṣọ ẹ̀rọ sábà máa ń ṣe funfun-funfun.

Ẹ mú téèpù. Ẹ wá àṣìṣe kékeré kan nínú ọnà, bí ilà tó já, kí ẹ wọn ibi tó ti tún yọjú. Rọ́là tí wọ́n fi ń tẹ aṣọ sábà máa ń yí po ní sẹ̀ntímítà 64. Bí àṣìṣe náà bá ń padà ní ìwọ̀n kan náà gééré, ẹ̀rọ ni. Páànù náà lè tún àṣìṣe ṣe o, ṣùgbọ́n àárín wọn kì í dọ́gba, torí ọwọ́ ló ń gbé e kiri.

Ti àdìrẹ oníko, èyí tí wọ́n fi ìko so kí wọ́n tó rẹ ẹ́, ẹ fọwọ́ pa á: ibi tí wọ́n so máa ń ṣẹ́po díẹ̀ kí wọ́n tó lọ̀ ọ́.

Ẹ má jẹ́ kí "kì í ṣí rárá" tí àwọn olùtajà máa ń sọ tàn yín. Aró elú tuntun máa ń ran aṣọ funfun tí ẹ bá fi nù ún. Ẹ dá a fọ̀ nínú omi tútù.

Ẹ ní kí olùtajà ya fídíò ẹ̀yìn aṣọ àti etí rẹ̀ méjèèjì ránṣẹ́. Yáàdì 5 ni wọ́n sábà máa ń rẹ lẹ́ẹ̀kan; ẹni tó bá ní òun á gé yáàdì 30 ọnà kan náà fún yín láìsí ojú rírán, ẹ má fowó ránṣẹ́ sí i.