Olympos tàbí Diafani: orí òkè àti etí òkun

Ní àríwá erékùṣù Karpathos, ní ilẹ̀ Gíríìsì, abúlé Olympos wà lórí òkè, níbi tí àwọn baba ńlá àwọn ará ibẹ̀ sá sí nítorí àwọn ajalèlókun, nígbà tí Diafani, èbúté kékeré tí ó wà nísàlẹ̀ rẹ̀, ń fi ọkọ̀ ojú omi àti ẹja pípa jẹun.

Ní Olympos, àwọn ìyá àgbà ṣì ń wọ aṣọ ìbílẹ̀ àti bàtà awọ gígùn ṣiṣẹ́ òòjọ́. Wọ́n á dáná igi sínú ààrò ìta títí yóò fi gbóná janjan, wọ́n á kó ẹyín iná kúrò, kí wọ́n tó ti búrẹ́dì wọlé. Diafani kò ní irú ìran bẹ́ẹ̀ tó bẹ́ẹ̀, ṣùgbọ́n ibẹ̀ tura jù. Àṣà ogún àtijọ́ kan náà ló so wọ́n pọ̀: àkọ́bí obìnrin a jogún ìyá, àkọ́bí ọkùnrin a jogún bàbá (àwọn àbúrò ni mo káàánú).

Ní tèmi, Olympos ni kí àlejò sùn, nítorí ọ̀pọ̀ arìnrìn-àjò tí ó bá ọkọ̀ òwúrọ̀ dé ni yóò ti padà kí ilẹ̀ tó ṣú.