Fíìmù Koji Yakusho márùn-ún tí mo rà ní Yábàá

Ẹ̀yìn ọjà Tejúoṣó ni màmá tó ń ta DVD tòkunbọ̀ yìí ń pàtẹ sí. Ó pe márààrún ní ₦6,000, mo ná an títí, ó fi sílẹ̀ ní ₦4,500. "Àǹtí, èyí tó bá ń há, ẹ dá a padà fún mi," ó wí.

Akọ̀wé káńsù ni mí, ohun tó fà mí mọ́ Koji Yakusho, òṣèré ará Jàpáánù yìí, gan-an nìyẹn. Òṣìṣẹ́ ìjọba ìbílẹ̀ lòun náà tẹ́lẹ̀, ní Chiyoda, nílùú Tokyo, kó tó lọ kọ́ṣẹ́ eré lọ́dọ̀ Tatsuya Nakadai, àgbà òṣèré kan níbẹ̀. Nakadai ló sọ ọ́ ní Yakusho. Ọ́fíìsì ìjọba ni ìtumọ̀ rẹ̀. Iṣẹ́ tó fi sílẹ̀ ló wá di orúkọ tí gbogbo ayé mọ̀ ọ́n sí.

Lọ́dún 1983, lórí NHK, iléeṣẹ́ tẹlifíṣọ̀n Jàpáánù, ó ṣe Oda Nobunaga, balógun Jàpáánù ayé àtijọ́ tí kì í gba gbẹ̀rẹ́. Nígbà tó di 1996, nínú Shall We Dance?, ó di akáńtáǹtì tó rẹ̀, tó ń yọ́ lọ kọ́ ijó láìjẹ́ kí ìyàwó rẹ̀ mọ̀. 2010, ó tún fa idà yọ nínú 13 Assassins. Ojú kan náà ni o, àmọ́ ìrìn rẹ̀ yàtọ̀ pátápátá.

Perfect Days ló gbà mí lọ́kàn jù. Ilé ìgbọ̀nsẹ̀ gbogboogbò ló ń fọ̀ kiri Shibuya, ní Tokyo. Ó nu abọ́ náà tán, ó tún fa dígí kékeré kan yọ, ó kì í bọ abẹ́ rẹ̀, níbi tẹ́nikẹ́ni ò ní bẹ̀rẹ̀ wò, ó ń yẹ̀ ẹ́ wò bóyá ìdọ̀tí ṣẹ́kù. Ẹ̀ẹ̀mẹta ni mo dá a padà sẹ́yìn. Wọ́n fún un ní ẹ̀bùn òṣèrékùnrin tó pegedé jù ní àjọ̀dún fíìmù Cannes lọ́dún 2023, ó sì tọ́ sí i. Bó ṣe ń wakọ̀ lọ níparí, tí ẹ̀rín àti omijé ń jà lójú rẹ̀, èmi náà sunkún.

The Eel nìkan ló há mọ́ mi lọ́wọ́. Màmá pààrọ̀ rẹ̀ láìjanpata. Ṣùgbọ́n ẹ yí ẹ̀yìn díìsìkì wò dáadáa kẹ́ ẹ tó sanwó.

Mo ti yá ìyá tó ń tọ́jú ilé ìgbọ̀nsẹ̀ ọ́fíìsì wa ní Perfect Days. Kò gbọ́ Gẹ̀ẹ́sì, ṣùgbọ́n ọ̀rọ̀ ò pọ̀ lẹ́nu ọkùnrin yẹn. Láàárọ̀ àná ó ní òun ti wò ó lẹ́ẹ̀mejì, kí n jẹ́ kó ṣì wà lọ́wọ́ òun.