Oṣù mẹ́jọ pẹ̀lú treadmill tókúnbọ̀ mi: ẹ wá síríà nọ́ńbà kí ẹ tó sanwó

Oṣù mẹ́jọ rèé tí treadmill tókúnbọ̀ kan, ẹ̀rọ tí à ń rìn lórí rẹ̀ lójú kan, ti wà ní pálọ̀ mi ní Ìbàdàn, ojoojúmọ́ ni mo sì ń gùn ún àfi ọjọ́ Àìkú. Dókítà ló ní kí n máa rìn fún ọgbọ̀n ìṣẹ́jú lójúmọ́ nítorí ẹ̀jẹ̀ ríru. Títì àdúgbò wa kò sì ṣeé rìn fún ẹni tó ti pé ọmọ ọdún 58: ọ̀kadà níwájú, gọ́tà tí kò ní ìdérí lẹ́gbẹ̀ẹ́. Mo fẹ́ràn ẹ̀rọ yìí. Màá sọ ohun tó dára lára rẹ̀, màá sì sọ ibi tó kù sí. Ṣùgbọ́n ohun tó mú mi jókòó kọ ọ̀rọ̀ yìí gan-an ni sítíkà kan tí kò tóbi ju páálí ìṣáná méjì lọ, tí mi ò tètè kà.

₦420,000 ni mo rà á ní ìsọ̀ ẹlẹ́rù tókúnbọ̀ kan ní Èkó. Mi ò ní dárúkọ wọn. Ọmọkùnrin tó tà á fún mi ń pè mí ní Mummy, ó gbé àga fún mi, ó fún mi lómi tútù. Ó ní ẹrù London ni, pé tí mo bá ti délé, kí n ti pulọ́ọ̀gì rẹ̀ bọ iná, ó parí. Ara ẹ̀rọ náà ń dán gbinrin. Èmi rò pé ẹni tó lò ó lókè òkun ló tọ́jú rẹ̀ bẹ́ẹ̀, mi ò mọ̀ pé wọ́n ti fín ọ̀dà dúdú tuntun sí férémù rẹ̀ látòkè délẹ̀. Mo sanwó, mo gba rìsíìtì tí wọ́n kọ “1 treadmill” sí, wọ́n bá mi gbé e sínú bọ́ọ̀sì.

Ọpẹ́lọpẹ́ Bọ̀ọ̀dà oníná wa. Láti ìgbà tí àwọn ọmọ mi ti wà ní pírámárì ló ti ń bá wa tún iná ilé ṣe. Ó yọ àdápítọ̀ tí wọ́n fi bo ẹnu pulọ́ọ̀gì náà, ó rí irin pẹlẹbẹ méjì pẹ̀lú róbótó kan, ó wojú mi. Ó ní, “Mà, èyí ò jọ ti London o. Ẹ jẹ́ ká kọ́kọ́ wá ibi tí wọ́n kọ̀wé sí lára ẹ̀ ná.”

A wá a títí. Lẹ́yìn ojú rẹ̀ tó ń tàn, ìkìlọ̀ nìkan la bá níbẹ̀, lédè Gẹ̀ẹ́sì àti Faransé. Ẹ̀gbẹ́ ọ̀tún, kò sí. Ẹ̀gbẹ́ òsì, kò sí. Ìgbà tí a gbé ibi tí èèyàn ń rìn lé sókè, tí Bọ̀ọ̀dà oníná dùbúlẹ̀ gbalaja sílẹ̀, tí mo ń tan tọ́ọ̀ṣì fóònù sí i lábẹ́, ló tó fọwọ́ kan ibì kan níwájú férémù, nítòsí ibi tí wáyà iná gbà wọlé. Ibẹ̀ ga díẹ̀ ju àyíká rẹ̀ lọ, bí ìgbà tí wọ́n bá lẹ ìwé mọ́ ògiri tí wọ́n wá kun ún mọ́lẹ̀. Ó fi èékánná wá etí rẹ̀. Ọ̀dà náà bẹ̀rẹ̀ sí í ṣí wẹ́wẹ́ bí èèpo ẹyin síse. Ohun tó jáde lábẹ́ rẹ̀ ni: 120 V, 60 Hz, 15 A.

Ẹrù Amẹ́ríkà ni. Iná tiwa níbí, bíi ti Ìlú Ọba, 230 sí 240 ni, ìlọ́po méjì èyí tí wọ́n ṣe ẹ̀rọ náà fún. Ká ní mo ti ṣe bí ọmọkùnrin yẹn ṣe wí ni, bọ́ọ̀dù tó ń darí mọ́tò rẹ̀ ì bá ti jóná kí n tó gbé ẹsẹ̀ lé e. Bọ̀ọ̀dà oníná ṣe ìṣirò rẹ̀ lójú mi: 120 lọ́nà 15, wáàtì 1,800 ni. Ó ní kí tíransífọ́mà tí a máa fi dín iná wa kù sí 120 má ṣe kéré sí 3,000 wáàtì, torí tí ẹni tó wúwo bá ń rìn lórí rẹ̀, ẹrù ń pọ̀ sí i fún mọ́tò. Mọ́tò DC, èyí tó ń lo iná bíi ti bátìrì, ló ní, nítorí náà 50 Hz tiwa, iye ìgbà tí iná ń lọ tó ń bọ̀ láàárín ìṣẹ́jú-àáyá kan, kò dà á láàmú. A ra tíransífọ́mà, ó ṣiṣẹ́, inú wa dùn.

A rí ohun tí a ń wá, a dáwọ́ dúró. Ìlàjì sítíkà náà, ibi tí síríà nọ́ńbà, nọ́ńbà ìdánimọ̀ ẹ̀rọ náà, wà, ṣì wà lábẹ́ ọ̀dà. Ibẹ̀ ni mo ti ṣe àṣìṣe.

Ẹ jẹ́ kí n sọ ti ẹ̀rọ náà fúnra rẹ̀ kí n má gbàgbé. Ibi ìrìn rẹ̀ gùn ní íǹṣì 55, ó fẹ̀ ní 20. Ẹni tó ga bíi ọmọkùnrin mi lè sáré lórí rẹ̀ láìbẹ̀rù. Máìlì ló fi ń ka ìrìn, kì í ṣe kìlómítà. 2.5 tí mo máa ń tẹ̀, bíi kìlómítà mẹ́rin ní wákàtí kan ni. Ariwo rẹ̀ kò pọ̀, ìyá mi lè sùn ní yàrá kejì. Ó ṣeé ká sókè kí pálọ̀ lè gba àlejò. Ibi tó kù sí: ó wúwo, ọkùnrin méjì ló ń gbé e. Ojú rẹ̀ tún fẹ́ kí èèyàn máa san owó oṣooṣù kó tó fi fídíò hàn. Mi ò san án, ìrìn ni mo rà á fún. Kọ́kọ́rọ́ pupa kékeré tó ní okùn, èyí tí à ń fi kọ́ aṣọ kó lè dá ẹ̀rọ dúró tí a bá ṣubú, kò bá a wá láti ìsọ̀, mo ní láti wá a lọ́tọ̀. Ẹ má rìn lórí treadmill kankan láìní in.

Ní oṣù kẹrin, bẹ́líìtì tí ẹsẹ̀ ń tẹ̀ ya létí. Òróró sílíkóònù ni wọ́n máa ń kán sábẹ́ rẹ̀ látìgbàdégbà kó má baà gbóná. Ó dájú pé ẹni tó ni ín tẹ́lẹ̀ kò kán an. Mo pe alágbàtà kan ní Èkó tó ń ta ohun èlò ẹ̀rọ jíìmù. Ó béèrè nọ́ńbà. Mo ṣí ìdérí mọ́tò pẹ̀lú sukudiráfà, mo rí sítíkà funfun kan lára mọ́tò, nọ́ńbà gbọọrọ wà lórí rẹ̀, mo ya fọ́tò rẹ̀, mo fi ránṣẹ́. Ó ní òun ti rí i. ₦85,000 ni mo fi ránṣẹ́ sí i. Bẹ́líìtì dé, ó fi íǹṣì mẹ́rin kúrú. Ó ní nọ́ńbà tí mo fún òun lòun tẹ̀ lé, òun kò lè gbà á padà.

Nọ́ńbà mọ́tò ni mo fún un. Ilé iṣẹ́ tó ń ṣe mọ́tò yàtọ̀ sí ilé iṣẹ́ tó to ẹ̀rọ pọ̀, mọ́tò kan náà sì lè wà nínú oríṣi treadmill mẹ́wàá tí bẹ́líìtì wọn ò dọ́gba. Ó dùn mí dọ́kàn. Owó oògùn mi ni mo kó sí i.

Àbúrò mi tó wà ní Houston ló là mí lójú. Ó ní, “Àǹtí mi, ẹ má fi nọ́ńbà mọ́tò ránṣẹ́ sí ẹnikẹ́ni mọ́. Èyí tó wà lára férémù ni kẹ́ ẹ wá. Nọ́ńbà méjì ló máa wà níbẹ̀, ẹ fún mi ní méjèèjì.” Mo padà sábẹ́ ẹ̀rọ náà pẹ̀lú omi lílọ́ wọ́ọ́rọ́, ọṣẹ díẹ̀ àti àkísà rírọ̀. Wọ́n ti kìlọ̀ fún mi pé kí n má fi tínà nu ún, torí yóò nu lẹ́tà orí sítíkà náà mọ́ ọ̀dà. Èékánná àtàǹpàkò ni mo fi ń ṣí i díẹ̀díẹ̀ fún nǹkan bí ogójì ìṣẹ́jú. Lẹ́tà tó kọ́kọ́ jáde ni M, lẹ́yìn náà “Model No.”, lábẹ́ rẹ̀ “Serial No.” àti ìlà dúdú-dúdú tí ẹ̀rọ ìtajà máa ń kà.

Módẹ́ẹ̀lì ni orúkọ ìdílé. Gbogbo ẹ̀rọ tí wọ́n ṣe lọ́nà kan náà ló ń jẹ́ ẹ. Síríà nọ́ńbà ni orúkọ tí wọ́n sọ ẹyọ kan ṣoṣo yìí, kò sí òmíràn tó ń jẹ́ ẹ. Orúkọ ńlá tó wà níwájú ẹ̀rọ, tí à ń rí nínú ìpolówó, kì í ṣe ọ̀kankan nínú méjèèjì: ilé iṣẹ́ lè fi orúkọ kan ta ẹ̀rọ fún ọdún púpọ̀ kí inú rẹ̀ sì ti yí padà lẹ́ẹ̀mẹta. Lára treadmill NordicTrack, módẹ́ẹ̀lì máa ń bẹ̀rẹ̀ pẹ̀lú NTL, ti ProForm pẹ̀lú PFTL, ilé iṣẹ́ iFIT ló sì ni méjèèjì. Lẹ́yìn rẹ̀, ẹ máa rí dọ́ọ̀tì kan àti nọ́ńbà kékeré kan. Ẹ má fojú di nọ́ńbà kékeré yẹn, òun ló ń sọ àtúnṣe kẹlòó tí tiyín jẹ́.

Mo tún ṣì í kà nígbà àkọ́kọ́. Mo pe 0 ní lẹ́tà O, mo pe 8 ní B. Láti ìgbà yẹn, fọ́tò ni mo máa ń fi ránṣẹ́. Mo máa ń mú iná fóònù wá láti ẹ̀gbẹ́, kì í ṣe láti ọ̀kánkán, torí iná ọ̀kánkán ń kọ yànràn lórí sítíkà dídán. Níbi tí orí mi ò bá lè dé, mo máa ń na fóònù wọlé, màá ya fídíò, màá wá dá a dúró níbi tó ti hàn.

Àbúrò mi tẹ módẹ́ẹ̀lì náà sórí íntánẹ́ẹ̀tì, àwòrán gbogbo irin, bóòtù àti róbà inú ẹ̀rọ mi jáde lọ́kọ̀ọ̀kan, bẹ́líìtì sì ní nọ́ńbà tirẹ̀ níbẹ̀. Ó pe ilé iṣẹ́ tó ṣe ẹ̀rọ náà. Wọ́n ní ẹni tó kọ́kọ́ rà á nìkan ni wọ́n ṣe gàráǹtì fún, ṣùgbọ́n wọ́n gba síríà nọ́ńbà lẹ́nu rẹ̀, wọ́n sì sọ bọ́ọ̀dù wo ló wà nínú tèmi, torí láàárín ọdún tí wọ́n ṣe é ni wọ́n yí bọ́ọ̀dù padà. Bẹ́líìtì bá ẹni tó ń bọ̀ nílé dé. Ó wọlé gééré. Mi ò tíì ní ìṣòro kankan láti ọjọ́ náà.

Ọ̀rẹ́ mi kan tó ní jíìmù ní Bódìjà gbọ́ ìtàn yìí, ó ní ká jọ yẹ ẹ̀rọ tòun wò. Ọjọ́ Sátidé kan la fi ṣe é. Lára kẹ̀kẹ́ tí à ń wà lójú kan, a rí i lára fọ́ọ̀kì iwájú nítòsí àgbá irin tó ń yí, ti òmíràn wà lábẹ́ irin gbọọrọ tó fẹsẹ̀ tẹlẹ̀. Elliptical, èyí tí à ń fi ẹsẹ̀ tẹ̀ bí ẹni ń rìn láìgbé ẹsẹ̀ kúrò lórí rẹ̀, ní tirẹ̀ lẹ́yìn, ní ìsàlẹ̀ férémù, eruku bò ó débi pé a kọ́kọ́ fi ọwọ́ mọ̀ ọ́n kí a tó rí i. Ti ẹ̀rọ tí à ń fà bí ẹni ń wa ọkọ̀ ojú omi wà lábẹ́ irin tí àga ń gùn lọ gùn bọ̀. Ẹ̀rọ ńlá tí wọ́n to irin wíwúwo sí láàárín ní tirẹ̀ nísàlẹ̀ òpó, lẹ́gbẹ̀ẹ́ irin náà gan-an. Ibi tí ọwọ́ òógùn kì í dé ni wọ́n sábà máa ń lẹ̀ ẹ́ mọ́.

Ẹ̀rọ nínú jíìmù rẹ̀ ló mú mi ronú nípa ohun tó ju bẹ́líìtì lọ. Ní oṣù karùn-ún ọdún 2021, ilé iṣẹ́ ẹ̀rọ ìdárayá Peloton àti CPSC, àjọ ìjọba Amẹ́ríkà tó ń rí sí ààbò ọjà, ní kí àwọn èèyàn dá treadmill Tread+ padà, nǹkan bí 125,000, lẹ́yìn tí ọmọdé kan ti kú. Ní 2023, ó kan kẹ̀kẹ́ wọn, módẹ́ẹ̀lì PL01, nǹkan bíi mílíọ̀nù 2.2, torí òpó tí ìjókòó wà lórí rẹ̀ lè kán. Ní oṣù kẹfà 2025, ó kan irin àfọwọ́gbé Bowflex 552 àti 1090, èyí tí à ń yí ìwọ̀n rẹ̀ padà, nǹkan bíi mílíọ̀nù 3.8, torí abala irin lè yọ bọ́ lójú ẹni. Amẹ́ríkà ni wọ́n ti kéde ìwọ̀nyí. Kọ̀ǹtẹ́nà tó ń kó ẹrù tókúnbọ̀ wá sí Èkó kò gbọ́ ìkéde. Módẹ́ẹ̀lì àti síríà nọ́ńbà nìkan lẹ lè fi mọ̀ bóyá ẹ̀rọ tó wà níwájú yín wà lára wọn, ọ̀fẹ́ sì ni ojú ìwé CPSC lórí íntánẹ́ẹ̀tì. Tí ọmọdé bá wà nílé yín, mo bẹ̀ yín, ẹ yẹ̀ ẹ́ wò.

Nítorí náà, mo fún ẹ̀rọ náà ní mẹ́rin nínú márùn-ún. Ìsọ̀ tó tà á fún mi, mi ò lè fún wọn ju ẹyọ kan lọ, torí àga àti omi tútù. Kíkun ọ̀dà bo sítíkà ìdánimọ̀ kì í ṣe ohun tó yẹ kí ẹni tó mọ̀ pé èèyàn máa ti pulọ́ọ̀gì bọ iná ṣe. Tí ẹ bá lọ rà, ẹ ní kí wọ́n gbé e sókè lójú yín. Tí wọ́n bá ní kò sí nọ́ńbà níbẹ̀, ẹ fi ọwọ́ yín wá a. Ẹ kọ módẹ́ẹ̀lì àti síríà rẹ̀ sórí rìsíìtì kí wọ́n tó fọwọ́ sí i. Tèmi ti wà lẹ́yìn ilẹ̀kùn àpótí ìwé mi báyìí, mo sì kọ ọ́ sí ẹ̀gbẹ́ tíransífọ́mà.

Ẹ̀rọ kan péré ló kù ní Bódìjà tí a kò tíì rí tirẹ̀, kẹ̀kẹ́ àtijọ́ kan tí ìpẹtà ti jẹ nídìí. Ọ̀rẹ́ mi ti gbé e kúrò láàárín àwọn oníbàárà. Bọ̀ọ̀dà oníná máa bá wa yọ ìdérí rẹ̀ ní ọjọ́ Sátidé tó ń bọ̀.