Búlọ́ọ̀kù àbúrò mi, àti ilé àyẹ̀wò kan ní Mọ́kọ́lá

Kí ọ̀dọ́mọkùnrin tí ó ń gba àlejò tó béèrè orúkọ tàbí owó lọ́wọ́ mi, ó gbé búlọ́ọ̀kù ìda tí mo mú wá, tí wọ́n sin ẹran ara àbúrò mi sínú rẹ̀, sókè sí ìmọ́lẹ̀ fèrèsé, ó fi èékánná àtàǹpàkò tẹ àárín rẹ̀ wò, ó sì sọ pé, “Ẹ jọ̀ọ́ mà, ẹran inú èyí kò tíì jinná.” Mo ti mọ̀ bẹ́ẹ̀ kí n tó kúrò nílé. Ohun tí n kò mọ̀ ni bóyá ẹnì kan yóò wà ní ilé àyẹ̀wò tí mo ń lọ tí yóò rí i láìjẹ́ pé èmi ni mo sọ fún un.

Ilé àyẹ̀wò ẹran ara ni, ó wà ní òkè pẹ̀tẹ́ẹ̀sì kan ní àdúgbò Mọ́kọ́lá, ní Ìbàdàn. N kò ní dárúkọ rẹ̀, nítorí pé àwọn tí ó ni ín kò fẹ́ kí ọ̀rọ̀ wọn dà bí ìpolówó, mo sì ti ṣe ìlérí fún wọn. Síbẹ̀, mo fẹ́ kọ ohun tí mo rí níbẹ̀ sílẹ̀, nítorí pé ọ̀pọ̀ nínú wa ni dókítà máa ń fún ní ìgò kékeré kan tí ẹran ara ẹni tí a fẹ́ràn wà nínú rẹ̀ pé kí a gbé e lọ fún àyẹ̀wò, tí a kì í sì í mọ ohun tí ó yẹ kí a fi díwọ̀n ibi tí a ń gbé e lọ. Ọdún 11 ni mo fi ṣe iṣẹ́ gígé ẹran ara ní ilé ìwòsàn kí n tó di olùkọ́ bàọ́lọ́jì. Oníbàárà tí ó san owó ni mo jẹ́ lọ́tẹ̀ yìí, ṣùgbọ́n ọwọ́ mi kò tíì gbàgbé iṣẹ́ náà.

Àbúrò mi obìnrin, ẹni ọdún 27, ni kókó yọ sí lọ́yàn. Wọ́n ṣe iṣẹ́ abẹ fún un, wọ́n yọ kókó náà, a sì gbé e lọ sí ilé àyẹ̀wò mìíràn tí ó sún mọ́ ilé ìwòsàn náà. Lẹ́yìn ọ̀sẹ̀ mẹ́ta ni ìwé èsì jáde: pé àwọn sẹ́ẹ̀lì inú kókó náà pọ̀ ju bí ó ti yẹ lọ, pé wọ́n dúdú, pé kò ṣeé sọ bóyá jẹjẹrẹ ni tàbí kì í ṣe òun, àti pé kí dókítà ronú nípa iṣẹ́ abẹ tí ó fẹ̀ ju ti àkọ́kọ́ lọ. Láti ọjọ́ náà ni oorun ti dá lójú àbúrò mi. Ìyá wa bẹ̀rẹ̀ ààwẹ̀. Èmi ní tèmi kọ lẹ́tà pé kí wọ́n fún wa ní síláìdì, ìyẹn gíláàsì tí wọ́n tẹ́ ìgé ẹran náà sí, àti búlọ́ọ̀kù náà, wọ́n sì fún wa. Nígbà tí mo gbé síláìdì náà sójú oòrùn ní ẹ̀yìnkùlé, láìlo maikirosíkóòpù rárá, mo rí ìlà wẹ́rẹ́wẹ́rẹ́ lára ẹran náà bí ìgbà tí a bá fi òòyà ya ilẹ̀. Abẹ tí kò mú, tàbí ẹran tí kò le dáadáa nínú ìda, ni ó máa ń fa irú rẹ̀.

Ó yẹ kí n ṣàlàyé ohun tí “kò tíì jinná” túmọ̀ sí, nítorí pé ibẹ̀ ni gbogbo ọ̀rọ̀ yìí rọ̀ mọ́. Ẹran tí a bá gé kúrò lára ènìyàn kì í dúró. Lójú ẹsẹ̀ ni àwọn èròjà inú sẹ́ẹ̀lì yóò ti bẹ̀rẹ̀ sí í jẹ sẹ́ẹ̀lì tí wọ́n wà nínú rẹ̀. Fọ́málìn, omi kẹ́míkà tí a ń rẹ ẹran sí, ni ó ń dá ìbàjẹ́ yìí dúró. Ti ìdá 10 nínú ọgọ́rùn-ún ni a ń lò, ó sì gbọ́dọ̀ pọ̀ tó ìlọ́po 10 ẹran náà, ó kéré tán, kí ó lè ṣe iṣẹ́ rẹ̀. Bí ó bá jẹ́ ẹran ọyàn, kò gbọ́dọ̀ dín ní wákàtí 6 nínú fọ́málìn, kò sì gbọ́dọ̀ ju wákàtí 72 lọ. Fọ́málìn kì í yára wọlé: bíi mìlímítà kan ní wákàtí kan ni a fi máa ń ṣírò rẹ̀ ní ìbẹ̀rẹ̀, bí ó sì ti ń wọnú ni ó ń falẹ̀ sí i. Ìdí nìyí tí a fi ń la kókó ńlá sí pẹlẹbẹ kéékèèké, tí a kì í jù ú sínú ìgò lódindi kí a sì máa retí pé àárín rẹ̀ yóò gbà á.

Lẹ́yìn fọ́málìn ni ọtí sípírítì, láti orí èyí tí ó jẹ́ ìdá 70 lọ sí orí èyí tí kò ní omi rárá, tí yóò fa gbogbo omi inú ẹran jáde. Sáílìnì (xylene, kẹ́míkà kan tí kì í ṣe omi iyọ̀) ni yóò lé ọtí náà kúrò, nígbà náà ni ìda yíyọ́ tí ó gbóná tó nǹkan bí ìwọ̀n 60 lórí òṣùwọ̀n Sẹ́lísíọ́ọ̀sì yóò wá gba àyè sáílìnì. Omi àti ìda kì í rẹ́, nítorí náà ni a kò ṣe lè fo ìpele kankan. Ẹ̀rọ ni ó máa ń ṣe iṣẹ́ yìí ní òru. Bí iná bá lọ tí kò sì sí ẹni tí yóò tan jẹnẹrétọ̀, ẹran tí ó yẹ kí ó ti wọ inú ìda yóò sùn sínú ọtí. Bí ẹni tí ó bá dé ní àárọ̀ bá sì gé àkókò kúrú kí iṣẹ́ lè jáde lọ́jọ́ tí wọ́n dá, omi díẹ̀ yóò ṣẹ́kù sí àárín ẹran, ìda kò ní wọ ibẹ̀, ibẹ̀ yóò sì rọ̀, yóò jìn wọlé díẹ̀ bí ojú ọgbẹ́ tí ó ṣẹ̀ṣẹ̀ ń san. Ohun tí èékánná ọ̀dọ́mọkùnrin náà bá pàdé nìyẹn.

Kò gba búlọ́ọ̀kù náà lọ́wọ́ mi bí ẹni tí ó ti rí owó. Ó pe ọ̀gá rẹ̀, obìnrin kan tí ó jẹ́ olórí yàrá gígé, ẹni yẹn sì jókòó tì mí, ó sọ fún mi láìfi bò pé àwọn lè yọ́ ìda náà, kí àwọn dá ẹran padà sínú sáílìnì, sínú ọtí, kí àwọn sì tún gbogbo rẹ̀ bẹ̀rẹ̀ láti ibẹ̀, ṣùgbọ́n pé ohun tí fọ́málìn kò bá ti tọ́jú láti ìbẹ̀rẹ̀, kò sí ẹni tí ó lè dá a padà. Ó ní kí n fọwọ́ sí ìwé pé wọ́n ti ṣe àlàyé yìí fún mi. Ó kọ nọ́ńbà tuntun sára kásẹ́ẹ̀tì, àpótí ike kékeré tí ẹran máa ń wà nínú rẹ̀, ó fi pẹ́ńsùlù kọ ọ́, nítorí pé ọtí máa ń fọ yíǹkì gègé nù, ó sì kà á sí mi létí kí n tó kúrò. Ní gbogbo ọdún tí mo fi ṣe iṣẹ́ yìí, n kò rí ibi púpọ̀ tí wọ́n ti ń ka nọ́ńbà sí oníbàárà létí. Àṣìṣe nọ́ńbà kan lè gbé jẹjẹrẹ ẹnì kan lé ẹlòmíràn lórí.

Nígbà tí ìda tuntun ti di, wọ́n gbà mí láàyè láti dúró lẹ́nu ọ̀nà yàrá gígé. Wọ́n kọ́kọ́ gbé búlọ́ọ̀kù náà lé orí yìnyín kí ó le, abẹ tuntun ni wọ́n fi sí maikirotóòmù, ẹ̀rọ tí ń gé ẹran fẹ́lẹ́fẹ́lẹ́, máíkírọ́nù 4 ni wọ́n sì gé e sí. Bí a bá pín mìlímítà kan sí ọ̀nà 1,000, ọ̀kan nínú rẹ̀ ni máíkírọ́nù kan. Sẹ́ẹ̀lì ẹ̀jẹ̀ pupa kan fẹ̀ tó bíi máíkírọ́nù 7, èyí tí ó túmọ̀ sí pé ohun tí obìnrin yẹn ń gé fẹ́lẹ́ ju fífẹ̀ sẹ́ẹ̀lì ẹ̀jẹ̀ kan lọ. Ìgé náà ń jáde ní ọ̀kọ̀ọ̀kan, wọ́n so mọ́ ara wọn bí ọ̀já tẹ́ẹ́rẹ́, ó fi búrọ́ọ̀ṣì gbé wọn sórí omi lílọ́wọ́ọ́rọ́, wọ́n na ara wọn sílẹ̀ láìní ìwúnjọ kankan, ó sì rọra fi gíláàsì gbé wọn láti abẹ́. Mo dúró síbẹ̀, omi sì bọ́ lójú mi. Ẹran ara àbúrò mi ni mo ń wò, ẹnì kan sì ń tọ́jú rẹ̀ bí ohun iyebíye.

Iṣẹ́ aláró ni ó kàn. Hematoksílìnì, tí a ń fà jáde láti inú igi kan tí ó ń hù ní Mẹ́síkò àti àwọn ilẹ̀ tí ó yí i ká, ni a fi ń pa ọkàn sẹ́ẹ̀lì láró, ṣùgbọ́n kò lè di ẹran mú fúnra rẹ̀ àfi bí álọ́ọ̀mù bá wà pẹ̀lú rẹ̀. Ẹni tí ó bá ti dúró ti àwọn ìyá tí ń pa àdìrẹ Ìbàdàndùn láró rí mọ̀ pé aṣọ tí a bọ inú ẹ̀lú máa ń jáde ní àwọ̀ ewé kí atẹ́gùn tó sọ ọ́ di búlúù. Bẹ́ẹ̀ náà ni ẹran tí a bọ inú hematoksílìnì ṣe ń jáde ní àwọ̀ pupa dúdú, tí omi ẹ̀rọ tí ń ṣàn yóò sì wá sọ ọ́ di búlúù. Ibi fífọ̀ yìí ni ìkánjú ti máa ń ba iṣẹ́ jẹ́. Eósínì ni a ń lò lẹ́yìn rẹ̀, òun ni ó ń fún ìyókù sẹ́ẹ̀lì ní àwọ̀ pupa fẹ́ẹ́rẹ́. Lára síláìdì tuntun náà, búlúù dá dúró, pupa dá dúró. Lára ti àtijọ́, àwọ̀ elésè-àlùkò kan ṣoṣo ni ó bo gbogbo rẹ̀ mọ́lẹ̀.

Dókítà tí ó ń ka síláìdì níbẹ̀, bàbá kan tí ó ti fẹ̀yìn tì lẹ́nu iṣẹ́ ìjọba, ní maikirosíkóòpù tí ènìyàn méjì lè wò lẹ́ẹ̀kan náà. “Ẹ máa bọ̀ níbí, ìyá olùkọ́,” ni ó wí. Lẹ́ńsì tí ó ń sọ nǹkan di ìlọ́po 40 ni ó fi bẹ̀rẹ̀, ó rìn yí kókó náà ká létí létí kí ó tó lọ sí ìlọ́po 100 àti 400. Etí kókó náà mọ́ kedere. Ọ̀nà wàrà kọ̀ọ̀kan ní ìpele sẹ́ẹ̀lì méjì, ti inú àti ti òde, bí ó ti yẹ kí ó rí. Nínú jẹjẹrẹ tí ó ti ń jẹ wọ inú ẹran, ti òde yìí ni kì í sí mọ́. Kò rí sẹ́ẹ̀lì tí ó ń pín lọ́nà àìtọ́. Fibroadenoma ni, kókó tí kì í ṣe jẹjẹrẹ, tí ó sì wọ́pọ̀ lọ́yàn àwọn ọ̀dọ́bìnrin. Lẹ́yìn náà ni ó gbé síláìdì àtijọ́ sábẹ́ awò, ó sì fi hàn mí pé wọ́n gé e nípọn débi pé ọkàn sẹ́ẹ̀lì gun ara wọn lórí, tí àwọn tí wọ́n jẹ́ ìpele méjì tàbí mẹ́ta fi dà bí èrò tí ó kún ojú kan, tí àwọ̀ wọn sì ṣú. Ẹni tí ó ka síláìdì yẹn kò parọ́. Ohun tí wọ́n gbé síwájú rẹ̀ ni ó kà. Ìlú tí ó ti ní àkọsílẹ̀ àwọn tí jẹjẹrẹ ń mú láti ọdún 1960, ní ilé ìwòsàn UCH, kò yẹ kí ó máa fi irú síláìdì bẹ́ẹ̀ dá ẹ̀rù ba ọmọdébìnrin.

Mo ní láti sọ ibi tí ilé Mọ́kọ́lá náà kù sí. Ọjọ́ 7 ni wọ́n dá fún wa, ọjọ́ 12 ni èsì jáde, kò sì sí ẹni tí ó pè wá títí èmi fi pè wọ́n. Wọn kò sọ fún mi lọ́jọ́ àkọ́kọ́ pé títún ẹran ṣe ní owó tirẹ̀ lọ́tọ̀. Ọjọ́ kẹta ni mo tó gbọ́, gbogbo owó náà pa pọ̀ sì fi bí ìdá kan nínú mẹ́rin ju ti ilé àkọ́kọ́ lọ. Mo san án tayọ̀tayọ̀, ṣùgbọ́n ẹni tí kò ní in lọ́wọ́ yẹ kí ó ti mọ̀ ṣáájú. Àtẹ̀gùn ga, kò sì sí ìjókòó fún àgbàlagbà lókè. Ìwé èsì wọn kún fún ọ̀rọ̀ tí aláìsàn kò lè lóye, bí ó tilẹ̀ jẹ́ pé dókítà náà ṣe àlàyé rẹ̀ ní Yorùbá tí ó dán mọ́rán nígbà tí àbúrò mi wá. Ohun tí ó dùn mí jù ni afẹ́fẹ́ yàrá iṣẹ́: fáànù ojú fèrèsé kan ṣoṣo ni ó ń lé èéfín fọ́málìn àti sáílìnì jáde, ojú àwọn òṣìṣẹ́ sì pọ́n. Láti ọdún 2004 ni àjọ àgbáyé tí ń ṣèwádìí jẹjẹrẹ ti ka fọ́málidíháìdì, èròjà tí a fi ń ṣe fọ́málìn, mọ́ ohun tí ó ń fa jẹjẹrẹ lára ènìyàn. Àwọn tí wọ́n ní ọwọ́ tó mọ́ báyìí yẹ fún ẹ̀rọ tí yóò fa èéfín náà kúrò níwájú wọn. Mo sọ ọ́ fún olórí wọn, ó sì ní àwọn ti ń tọ́jú owó rẹ̀.

Ẹni tí ó bá fẹ́ gbé ẹran lọ síbẹ̀, kí ó rí i pé inú fọ́málìn ni ó wà, kì í ṣe inú omi iyọ̀, kí ẹnu ìgò fẹ̀, kí a sì kọ wákàtí tí wọ́n gé e sára rẹ̀. Wọn yóò béèrè, bí kò bá sì sí, wọn yóò pe dókítà tí ó gé e kí wọ́n tó gbà á. Nígbà tí gbogbo rẹ̀ parí, wọ́n fẹ́ dá búlọ́ọ̀kù náà padà fún wa. Àbúrò mi ní kí wọ́n jọ̀ọ́ kí wọ́n bá òun tọ́jú rẹ̀. Wọ́n fún un ní ìwé tí nọ́ńbà rẹ̀ wà lórí rẹ̀, wọ́n sì tún ka nọ́ńbà náà sí i létí.