Ọdẹ tó mú wa lọ sí Ihò Eléérú

Láti Àkúrẹ́ ni èmi àti ìyàwó mi ti lọ wo Ihò Eléérú, abẹ́ àpáta kan tí àwọn ènìyàn ayé àtijọ́ gbé nínú igbó Ìpínlẹ̀ Oǹdó, ní Sátidé tó kọjá. Bàbá ọdẹ kan ní Ìsàrun ló mú wa wọgbó. 5,000 náírà ló gbà lọ́wọ́ wa, iṣẹ́ tó ṣe sì ju owó náà lọ.

Ọ̀nà ibẹ̀ kì í ṣe ti sálúbàtà rárá. Bàbá ń fi àdá ṣán igbó níwájú, ó sì ń fi ọ̀pá na ewé kí a tó tẹ ibẹ̀, nítorí ejò. Nígbà tí a débẹ̀, àpáta ńlá ló yọrí síta bí òrùlé, abẹ́ rẹ̀ tutù minimini. Mo bẹ̀rẹ̀, mo bu erùpẹ̀ ibẹ̀: ó kúnná bí eérú, ó lẹ̀ mọ́ mi lọ́wọ́.

Inú ilẹ̀ yìí ni awalẹ̀pìtàn Thurstan Shaw àti àwọn ènìyàn rẹ̀ ti hú egungun ènìyàn jáde ní 1965, tí ọjọ́ orí rẹ̀ lé ní 11,000 ọdún. Àwọn onímọ̀ tó tún agbárí náà yẹ̀ wò ní 2011 sọ pé ìrísí rẹ̀ jọ ti àwọn ènìyàn tó ti gbé ayé tipẹ́tipẹ́ ṣáájú ìgbà yẹn. Ara mi bù máṣọ. Ẹni kan ti dáná níbi tí mo dúró sí!

Ohun tó dùn mí ni pé a ò rí pátákó kankan lójú títì. Wákàtí kan la fi ṣìnà ká tó rí Bàbá. Ẹ wọ bàtà tó bo ẹsẹ̀, ẹ gbé omi dání, kí ẹ sì lọ nígbà ẹ̀ẹ̀rùn.