Bébà wọ́tà-kọ́lọ̀ àti pírìntà ilé: èwo ni kí ẹ rà?

Bí ẹ bá fẹ́ fi pírìntà tẹ ilà àwòrán sórí bébà wọ́tà-kọ́lọ̀, bébà tó nípọn tí wọ́n ń fi ọ̀dà olómi kùn, kí ẹ tó bèèrè iye tí wọ́n ń ta pírìntà, ẹ bèèrè irú tàdáwà tó ń lò. Oríṣi méjì ló wà. Dye ti yòrò sínú omi bí iyọ̀. Pigment dà bí èlùbọ́ tí a pò mọ́ omi, hóró rẹ̀ ṣì wà níbẹ̀. Tó bá ti gbẹ sára bébà, omi kì í tètè rí i ṣí. Dye ní tirẹ̀, bí omi bá ti kàn án, ó tún di omi.

Ní Kubwa níbí, l'Abuja, ni ojú mi ti là. Káàdì ìsọmọlórúkọ ni mò ń ṣe. Mo tẹ àwòrán ìyá tó gbé ọmọ dání, ilà rẹ̀ dúdú bí kóró iṣin. Búrọ́ọ̀ṣì tútù kan péré ni mo fi tọ́ ọ, ojú ọmọ bá di ojú ẹni tó ń ta èédú. Bébà 20 ṣòfò, bébà yìí kì í sì í ṣe ọjà pọ́ọ́kú.

Nínú àwọn onítáǹkì, ìyẹn pírìntà tí ẹ máa ń da tàdáwà inú ìgò sínú táǹkì rẹ̀, ẹ jẹ́ ká fi Epson L3250 wé Canon G3010. Ẹ̀yìn ni bébà ń gbà wọ inú àwọn méjèèjì, kì í ká bírí kó tó jáde, ìyẹn sì dára fún bébà tó nípọn. Dye ni gbogbo tàdáwà Epson yìí. Ti Canon, dye ni àwọ̀ mẹ́ta, pigment ni dúdú. Bó bá jẹ́ ilà lẹ fẹ́ tẹ̀ kí ẹ tó kùn ún, Canon ni mo fara mọ́. Àmọ́ ọ̀fìn kan wà níbẹ̀ o: níbi tí ẹ ti ń yan irú bébà lórí kọ̀ǹpútà, plain paper ni kí ẹ yàn. Bí ẹ bá yan bébà fọ́tò, yóò pa dúdú tì, á po àwọ̀ mẹ́ta yòókù pọ̀ di dúdú. Ẹ ti padà sọ́dọ̀ dye nìyẹn. Ẹni tí omi ò ní kan àwòrán rẹ̀, Epson náà tó o.

Èyí tó ń gba bébà níwájú nísàlẹ̀, ẹ fi sílẹ̀. Á ká a bí ẹní.

Laser ńkọ́? Ìyẹ̀fun ló ń fi iná yọ́ mọ́ bébà, omi kì í fọ̀ ọ́. Ṣùgbọ́n lójú bébà oníhò-níhò, ìyẹ̀fun náà kì í dénú kòtò, èékánná lè há a kúrò. Nígbà tó bá sì ń gbóná, ó lè fa ọgọ́rọ̀ọ̀rún wọ́ọ̀tì. Jẹnẹrétọ̀ kékeré á kígbe. Onítáǹkì kì í fa tó 20.

Bébà wọ́tà-kọ́lọ̀ tí ojú rẹ̀ tẹ́jú, nǹkan bí 200 gsm (ìyẹn ìwọ̀n gíráàmù bébà tó fẹ̀ ní mítà kan níbùú lóròó), ni kí ẹ lò. 300 gsm ti le jù fún ọ̀pọ̀ pírìntà ilé. Ẹ fi aṣọ rírọ̀ nu eruku rẹ̀ kúrò. Nígbà ọyẹ́, ẹ máa tẹ ojú ìwé kan lọ́sẹ̀ kí ihò tàdáwà má baà dí.

Bí ẹ bá ń lọ sí Banex, ibi tí wọ́n ti ń ta ẹ̀rọ l'Abuja, ẹ mú bébà tiyín dání. Kí wọ́n fi tẹ ilà kan, kí ẹ dúró kó gbẹ, kí ẹ wá fi ìka tútù nù ún níṣojú ẹni tó ń tà á. Tó bá ní kò sí iná, ẹ ní ẹ ń bọ̀ lọ́la.