Red Headed Stranger ti Willie Nelson: ẹ má fo orin kankan

Jim Reeves àti Don Williams ni ọ̀pọ̀ nínú wa mọ̀ tí wọ́n bá ti dárúkọ orin kọ́ńtìrì. Ẹni tó bá ti gbọ́ wọn yó, tó wá ń wá ohun tó jinlẹ̀ ju bẹ́ẹ̀ lọ, àwo Red Headed Stranger ni kó lọ gbọ́. Ọdún 1975 ni Willie Nelson gbé e jáde. Mo ti gbọ́ ọ lọ́sàn-án, mo ti gbọ́ ọ lóru, mi ò tíì rí àwo kọ́ńtìrì míì tó fi ọ̀rọ̀ díẹ̀ sọ ohun tó pọ̀ tó báyìí. Àmọ́ kò lè yé ẹni tó bá ń fo orin.

Láyé ìgbà náà, Nashville, ìlú táwọn iléeṣẹ́ orin kọ́ńtìrì pọ̀ sí ní Amẹ́ríkà, ló ń pàṣẹ fún olórin kọ́ńtìrì. Ọ̀gá tó ń darí sítúdíò ló máa yan orin, òun ló máa yan àwọn tó máa ta gìtá, òun náà ló máa da fayolíìnì àti elégbè bo ohùn olórin mọ́lẹ̀. Willie jìyà ètò yìí gan-an. Òun ló ṣe orin Crazy tí Patsy Cline gbé jáde lọ́dún 1961, tó sì gba ìgboro kan, ṣùgbọ́n àwọn àwo tó ń fi orúkọ ara rẹ̀ ṣe kò fi bẹ́ẹ̀ tà. Ló bá palẹ̀ ẹrù mọ́, ó padà sí Texas tí wọ́n bí i sí. Nígbà tó fẹ́ bá iléeṣẹ́ àwo orin Columbia ṣiṣẹ́, ó rí i dájú pé ìwé àdéhùn gbé àṣẹ lé òun lọ́wọ́ lórí ohun tó máa wà nínú àwo òun. Òmìnira tí òun àti Waylon Jennings, olórin kọ́ńtìrì bíi tirẹ̀, jà fún yìí ló jẹ́ kí wọ́n máa pè wọ́n ní outlaw, ìyẹn arúfin.

Sítúdíò kékeré kan ní Garland, ní Texas, ló lọ, òun àtàwọn tí wọ́n jọ ń ṣeré káàkiri: Bobbie ẹ̀gbọ́n rẹ̀ obìnrin nídìí piano, Paul English nídìí ìlù, Mickey Raphael pẹ̀lú hàmóníkà. Nígbà táwọn ọ̀gá Columbia gbọ́ ọ, wọ́n rò pé iṣẹ́ ṣì kù lára rẹ̀. Willie ò fi nǹkan kan kún un. Àwo náà ti tà tó mílíọ̀nù méjì ní Amẹ́ríkà.

Ìtàn pásítọ̀ kan lọ́dún 1901 ni àwọn orin inú àwo náà jọ ń sọ. Ìyàwó rẹ̀ já a sílẹ̀, ó padà sọ́dọ̀ àlè rẹ̀ àtijọ́. Pásítọ̀ gun ẹṣin tọpasẹ̀ wọn, ó bá wọn nílé ọtí, ó yìnbọn pa àwọn méjèèjì. Willie fi gbólóhùn mélòó kan sọ ọ́, ohùn rẹ̀ ò yí padà, gìtá ò sáré. Ó máa fẹ́rẹ̀ẹ́ ṣe yín bíi pé ẹ ò gbọ́ ọ dáadáa.

Orin tó tẹ̀ lé e gan-an ni Blue Eyes Crying in the Rain. Orin àwọn ọdún 1940 ni, Fred Rose ló ni ín, orin náà ló sì kọ́kọ́ gbé Willie dé ipò kìíní lórí àtẹ orin kọ́ńtìrì gẹ́gẹ́ bí olórin. Lórí rédíò, orin ìfẹ́ lásán ni. Níbí, apààyàn ló ń ṣọ̀fọ̀ ẹni tó fọwọ́ ara rẹ̀ pa. Ẹ fetí sí bó ṣe ń dúró díẹ̀ kó tó sọ ọ̀rọ̀ jáde, tí ìlù á ti ṣíwájú kí ohùn tó dé, àti bí Trigger, gìtá rẹ̀ olókùn náílọ́ọ̀nù, ṣe ń gba ọ̀rọ̀ lẹ́nu rẹ̀.

Lẹ́yìn èyí, pásítọ̀ tún pa obìnrin mìíràn nítorí pé ó fọwọ́ kan ẹṣin rẹ̀. Kété lẹ́yìn ìyẹn, piano dá dìde. Ẹ̀yin tẹ́ ẹ dàgbà sí ṣọ́ọ̀ṣì máa dá a mọ̀ kíá: Bí Mo Ti Rí, Láìsàwáwí. Ẹnikẹ́ni ò la ẹnu. Àwa tá a ti ń kọ ọ́ látìgbà èwe la máa kọ ọ̀rọ̀ rẹ̀ sínú ara wa, a ó sì mọ ẹni tí orin ẹlẹ́ṣẹ̀ yẹn ń bá wí. Apá kìíní àwo parí síbẹ̀. Ìgbà tí mo bá débẹ̀, mi ò kì í lè bá ẹnikẹ́ni sọ̀rọ̀ fúngbà díẹ̀.

Ohun kan wà tí mi ò fara mọ́. Orin náà ní wọn ò lè so ọkùnrin kọ́ torí obìnrin tó fẹ́ jí i lẹ́ṣin, ni wọ́n bá jẹ́ kí pásítọ̀ máa lọ. Ẹ̀mí obìnrin yẹn kéré jù nínú ìtàn yìí. Ẹnikẹ́ni ò ṣọ̀fọ̀ rẹ̀, bẹ́ẹ̀ pásítọ̀ ṣì máa rí ìfẹ́ tuntun ní apá kejì. Apá kejì náà sì ń falẹ̀ díẹ̀, orin ijó méjì tó wà níbẹ̀ kò wọ̀ mí lára.

Gbogbo rẹ̀ kò ju ìṣẹ́jú 35 lọ. Ẹ pa shuffle tó máa ń da ètò orin rú, kẹ́ ẹ sì fi íápíìsì sétí, torí ohùn báàsì kì í jáde nínú fóònù. Orin mẹ́rin ni wọ́n fi kún un nígbà tí wọ́n tún un gbé jáde lọ́dún 2000, wọn ò sì sí lára ìtàn náà. Orin kẹẹ̀ẹ́dógún, Bandera, ni kẹ́ ẹ ti pa á.